Legatus: Ajẹ́lẹ̀ Ni, Ẹ Yé Pè É Ní Jẹ́nẹ́rà

Òkúta kan wà láti Tiddis, ìlú àtijọ́ kan nítòsí Constantine ní Àlgéríà, tí wọ́n gbẹ́ àwọn ipò tí Quintus Lollius Urbicus, olóyè Róòmù kan ní ọ̀rúndún kejì lẹ́yìn ìbí Kristi, dì mú sí. Ọmọ ìlú náà ni. Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni ọ̀rọ̀ legatus, oyè ẹni tí Róòmù rán níṣẹ́, jẹ yọ lórí òkúta yẹn, tí ẹ bá sì fún àwọn tó ń kọ ìtàn Róòmù ní èdè Yorùbá, ọ̀nà mẹ́rin ni wọ́n á gbà túmọ̀ rẹ̀: igbákejì, jẹ́nẹ́rà, aṣojú, gómìnà. Òǹkàwé á wá rò pé iṣẹ́ mẹ́rin tí kò bára tan ni. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni àwọn ará Róòmù lò, wọ́n sì mọ ohun tó fà á.

Inú ọ̀rọ̀-ìṣe Látìnì kan ni legatus ti wá, èyí tó túmọ̀ sí pé kí a rán ènìyàn níṣẹ́, kí a sì gbé àṣẹ wa lé e lọ́wọ́. Yorùbá ti ní orúkọ fún irú ẹni bẹ́ẹ̀ kí òyìnbó tó dé: ajẹ́lẹ̀. Ọ̀yọ́ fi ajẹ́lẹ̀ sí àwọn ìlú abẹ́ rẹ̀, Ìbàdàn náà fi wọ́n sí Èkìtì. Òkè ni wọ́n ti ń rán an wá, ibi tí wọ́n rán an sí ló ń jókòó sí, ẹni tó rán an ló sì lè pè é padà. Kí ni a tún ń wá?

Nínú àwọn tó ta ko ọ̀rọ̀ yìí, àwọn tó fara mọ́ "aṣojú" ni wọ́n ní láárí díẹ̀. Ṣùgbọ́n aṣojú lónìí ni ẹni tí a dìbò yàn lọ sí Àbújá, tàbí ẹni tí ìjọba rán lọ jókòó ní olú-ìlú ilẹ̀ òkèèrè. Ti àkọ́kọ́, ìsàlẹ̀ ni àṣẹ rẹ̀ ti wá. Ti ìkejì, kò ní ọmọ ogun kankan. "Balógun" kò ṣeé lò, nítorí Bíbélì Yorùbá ti fi balógun ọ̀rún pe ọ̀gá kékeré nínú ogun Róòmù, ẹni tí ọmọ ogun rẹ̀ kì í sábà ju 80 lọ, ohun yòówù kí orúkọ náà máa wí. Légíónì, ẹgbẹ́ ọmọ ogun ńlá tí legatus ń darí, tó nǹkan bí ọmọ ogun 5,000. "Kakaǹfò" tilẹ̀ burú jù: ọ̀kan ṣoṣo ni í jẹ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan, ikú ló sì ń gba oyè náà lọ́wọ́ rẹ̀. Légíónì 28 ni Róòmù ní láyé Késárì Antoninus Pius, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé ọ̀kọ̀ọ̀kan ló ní legatus tirẹ̀, bí ọdún mẹ́ta bá sì pé, ẹlòmíràn ti ń bọ̀. Ti "lẹ́gáàtì" ni mi ò fẹ́ dá lóhùn rárá. Ẹni tó kọ ọ́ kàn fi àmì ohùn sórí ọ̀rọ̀ tí kò yé òun náà ni.

Wọ́n ní ajẹ́lẹ̀ kì í ṣe jagunjagun. Ó dáa, ẹ pè é ní ajẹ́lẹ̀ ológun níbi tí ogun bá ti wọ̀ ọ́. Àléébù tí ọ̀rọ̀ mi ní gan-an ni wọn kò tíì rí: ajẹ́lẹ̀ tiwa ń gba ìṣákọ́lẹ̀, ṣùgbọ́n ti Róòmù kì í fọwọ́ kan owó. Procurator, akápò tí Késárì fọwọ́ ara rẹ̀ yàn, ló ń gba owó orí, òun ló sì ń san owó àwọn ọmọ ogun, Késárì nìkan ló sì ń jábọ̀ fún. Ẹni tó ní ọmọ ogun kò ní àpò. Ẹni tó ní àpò kò ní ọmọ ogun. Ọgbọ́n ni wọ́n fi pín in bẹ́ẹ̀.

Ẹ fi legatus wé awakọ̀ tí olówó gbé bọ́ọ̀sì lé lọ́wọ́. Òun ló di ọwọ́ ọkọ̀ mú, òun ni oòrùn ń pa, ṣùgbọ́n orúkọ olówó ni wọ́n kọ sára ọkọ̀. Ọ̀nà tí wọ́n ní kó máa ná ni yóò máa ná. Bó bá yà síbi tí èrò pọ̀ sí láìgbàṣẹ, olówó lè gba kọ́kọ́rọ́, ì báà jẹ́ pé owó ọjọ́ náà pé. Corbulo, ajẹ́lẹ̀ Róòmù kan, yà bẹ́ẹ̀ ní ọdún 47. Ó rékọjá odò Rhine lọ bá ẹ̀yà Chauci jà, ogun sì ń gbè é, ṣùgbọ́n Késárì Claudius ní kó kó gbogbo ọmọ ogun padà sí bèbè tí wọ́n ti wá. Kí wọ́n má baà jókòó lásán, ó fi wọ́n gbẹ́ odò àtọwọ́dá tó gùn tó máìlì 23 láàárín odò Meuse àti Rhine.

Awakọ̀ náà lè gbé ọkọ̀ sá lọ, ìyẹn gan-an ni ẹ̀rù tó ń ba Késárì. Ní ọdún 89, légíónì méjì ló ń gbé inú àgọ́ kan náà ní Mainz, ní ilẹ̀ Jámánì, owó tí àwọn ọmọ ogun fi pa mọ́ sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú wọn. Saturninus, ajẹ́lẹ̀ tó wà níbẹ̀, rí ọmọ ogun, ó rí owó, ó dìtẹ̀. Lẹ́yìn tí wọ́n pa á, Késárì Domitian ṣe òfin méjì: kí légíónì méjì má gbé àgọ́ kan náà mọ́, kí ọmọ ogun kankan má sì fi ju sesterce 1,000, owó Róòmù, pa mọ́ sí àgọ́.

Ẹ jẹ́ ká padà sí òkúta Tiddis. Ìsàlẹ̀ ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀ sí í kà á, nítorí ipò tó ga jù ni wọ́n kọ́kọ́ kọ. Urbicus jẹ́ tribunus, ọ̀gá ogun tó wà lábẹ́ legatus, ní légíónì XXII Primigenia ní Mainz, iṣẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ lé lógún ọdún. Ó ṣe quaestor, akápò ìlú, ní Róòmù; èyí kì í ṣe procurator. Ó wá di ajẹ́lẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́, lábẹ́ gómìnà Éṣíà, ìgbèríko kan ní ìwọ̀-oòrùn Tọ́kì òde òní. Kò sí ogun níbẹ̀, ẹjọ́ ni wọ́n ń dá. Lẹ́yìn èyí ló jẹ praetor, oyè adájọ́ àgbà, èyí tí kò ṣeé fò, torí ẹni tí kò bá tíì jẹ ẹ́ kì í sábà rí légíónì gbà. Lẹ́yìn rẹ̀ ni wọ́n gbé légíónì X Gemina lé e lọ́wọ́, ní Vienna òde òní, létí odò Danube. LEG LEG X ni wọ́n gbẹ́ síbẹ̀. Agbẹ́kùúta kò ṣe àṣìṣe: LEG kìíní ni legatus, èkejì ni légíónì, ẹni tó bá sì yọ ọ̀kan kúrò ti ba gbólóhùn náà jẹ́. Nígbà ogun Jùdíà, láàárín 132 sí 135, ó jẹ́ ajẹ́lẹ̀ Késárì Hadrian, wọ́n sì fi ọ̀kọ̀ àti adé wúrà dá a lọ́lá. Ó jẹ kọ́ńsúlù, oyè tó ga ju praetor lọ, wọ́n sì fún un ní ìgbèríko Jámánì Ìsàlẹ̀.

Ìyàtọ̀ ajẹ́lẹ̀ légíónì sí ajẹ́lẹ̀ ìgbèríko kò ju pé agbára kan ju èkejì lọ, mi ò ní dúró lórí rẹ̀. Ohun tó yẹ ká dúró lé ni pro praetore tí wọ́n ń fi kún oyè ajẹ́lẹ̀ ìgbèríko, "nípò praetor". Kí ló dé tí ẹni tó ti jẹ kọ́ńsúlù yóò tún máa jẹ́ "nípò praetor"? Késárì fúnra rẹ̀ ni proconsul, ẹni tó ní àṣẹ kọ́ńsúlù, lórí ìgbèríko náà. Ẹni tí Késárì rán kò gbọdọ̀ bá Késárì dọ́gba. Ọ̀pá àṣẹ 5 ni wọ́n ń gbé níwájú ajẹ́lẹ̀ náà, nígbà tí ti kọ́ńsúlù jẹ́ 12.

Òkúta yìí kò dárúkọ Bìrìtéènì, torí wọ́n ti gbẹ́ ẹ kí Urbicus tó lọ síbẹ̀. Ní 139, ó ti ń tún ibùdó ọmọ ogun Corbridge, ní àríwá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kọ́. Lẹ́yìn rẹ̀ ló ṣẹ́gun lọ sí ìhà gúúsù Skọ́tlándì. Légíónì mẹ́ta, II Augusta, VI Victrix àti XX Valeria Victrix, ló pín iṣẹ́ odi ńlá tí wọ́n mọ síbẹ̀ mọ́ra wọn lọ́wọ́, nǹkan bíi kìlómítà 60 láti odò Forth dé odò Clyde. Wọ́n tẹ́ òkúta sílẹ̀ ní ìbú bíi mítà mẹ́rin, wọ́n to ilẹ̀ eléèpo koríko tí wọ́n gé ní bùlọ́ọ̀kù lé e, wọ́n sì gbẹ́ yàrà ńlá síwájú rẹ̀. Bí légíónì kọ̀ọ̀kan bá parí ìpín tirẹ̀, á ri òkúta tí wọ́n gbẹ́ gígùn rẹ̀ sí mọ́ ibẹ̀. Ẹ ka àwọn tó ṣẹ́ kù: orúkọ Antoninus Pius, tí kò fẹsẹ̀ tẹ Bìrìtéènì nígbà ìjọba rẹ̀, wà níbẹ̀ pẹ̀lú oyè rẹ̀, orúkọ légíónì wà níbẹ̀. Ti Urbicus kò sí níbẹ̀. Ibùdó Balmuildy, lórí odi kan náà, la ti rí orúkọ rẹ̀ lórí òkúta, òun náà lẹ́yìn orúkọ Késárì. Nígbà tí wọ́n sì kókìkí ìṣẹ́gun náà ní 142, Antoninus ni wọ́n kí ní Imperator, oyè aṣẹ́gun, lẹ́ẹ̀kejì.

Urbicus padà sí Róòmù, ó sì di praefectus urbi níkẹyìn, ẹni tó ń ṣọ́ ìlú tó sì ń dá ẹjọ́ ọ̀daràn. Níbẹ̀, legatus ti kúrò lára orúkọ rẹ̀. Ẹ má pè é ní ajẹ́lẹ̀ mọ́ níbẹ̀; alábòójútó ìlú ti tó o.