Ẹ̀rọ Omi Tó Kán Sínú Ògiri: Ohun Tó Ń Jẹ Idẹ, àti Bí A Ṣe Ń Mọ Ìwọ̀n Tírẹ́ẹ̀dì

Bí wọ́n bá pè mí pé ẹ̀rọ omi ti kán sínú ògiri, ohun kan náà ni mo sábà máa ń bá níbẹ̀. Orí ẹ̀rọ náà ṣì ń dán bí ọjọ́ tí wọ́n rà á, ṣùgbọ́n ọrùn rẹ̀, níbi tí tírẹ́ẹ̀dì (eyín tí a fi ń yí i wọlé) wà, ti já sínú sọ́kẹ́ẹ̀tì, ìyẹn ẹnu páìpù inú ògiri tí a ń yí i wọ̀. Bí a bá wo ojú ibi tó já náà dáadáa, a kì í rí àwọ̀ ìyeyè tí a mọ̀ mọ́ idẹ níbẹ̀ mọ́; pípọ́n ló ti pọ́n bíi bàbà, ó sì ń rún lọ́wọ́. Onílé á wá bi mí pé, "Ṣebí ẹ̀yin lẹ ní kí n ra onídẹ, pé idẹ kì í dógùn-ún?" Òótọ́ ni mo sọ, irin nìkan ló ń dógùn-ún. Ṣùgbọ́n idẹ ní ọ̀nà tirẹ̀ tó ń gbà bàjẹ́, ibi tírẹ́ẹ̀dì ni ìbàjẹ́ náà sì ti sábà máa ń hàn, ìdí nìyẹn tí n kò fi lè ṣàlàyé ọ̀kan kí n fi èkejì sílẹ̀.

Àdàlù bàbà àti síńkì ni idẹ. Èyí tí wọ́n fi ń ṣe ẹ̀rọ omi àti fáàfù sábà máa ń ní bàbà tó sún mọ́ 60 nínú ìdá 100, síńkì tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 40, àti òjé díẹ̀, bí ìdá 2, kí ó lè rọrùn láti gé tírẹ́ẹ̀dì sí i lára. Ìfaradà àwọn tí a dà pọ̀ yìí kò dọ́gba: bàbà máa ń rọ́jú, ṣùgbọ́n síńkì kì í pẹ́ juwọ́ sílẹ̀.

Kí idẹ kàn ṣú kò yẹ kó já ẹnikẹ́ni láyà. Afẹ́fẹ́, ọ̀rinrin, imí ọjọ́ tó wà nínú èéfín, àti iyọ̀ inú òógùn ọwọ́ wa ló ń bá ojú idẹ jà, tí wọ́n sì ń fi awọ tín-ín-rín kan bò ó, èyí tó ń dáàbò bo ìsàlẹ̀ rẹ̀ dé ìwọ̀n kan. Níbi tí ọ̀rinrin bá ti pọ̀ tàbí tí afẹ́fẹ́ òkun bá ti ń fẹ́, bíi ní Lẹ́kí, àwọ̀ ewé ló máa ń hù sí i lára, nítorí pé bàbà inú rẹ̀ ti bá iyọ̀ àti afẹ́fẹ́ dàpọ̀. Ẹni tó bá mọ oríkì Ọ̀ṣun mọ̀ pé ó ń wẹ idẹ rẹ̀ kó tó wẹ ọmọ. Ó ti pẹ́ tí àwọn àgbà ti mọ̀ pé idẹ kì í dán fúnra rẹ̀. Ọsàn wẹ́wẹ́ pẹ̀lú iyọ̀ díẹ̀ yóò mú dídúdú náà kúrò, bí ẹ bá fi omi tó mọ́ ṣàn án kíákíá tí ẹ sì nù ún gbẹ. Kí ẹ má rẹ idẹ sínú rẹ̀ mọ́jú o, nítorí ásíìdì inú ọsàn yóò fa síńkì jáde lójú rẹ̀, yóò sì pọ́n.

Ìbàjẹ́ tó ń kán ọrùn ẹ̀rọ yàtọ̀ sí èyí, inú ló ti ń ṣẹlẹ̀. Bí omi bá ní ásíìdì, tàbí tí iyọ̀ àti kílórínì inú rẹ̀ bá pọ̀, tó sì ń dúró lójú kan fún ìgbà pípẹ́, á máa yọ síńkì kúrò nínú idẹ díẹ̀díẹ̀, á sì fi bàbà nìkan sílẹ̀, ihò wẹ́wẹ́ á wá kún inú rẹ̀ bíi kànìnkànìn. Ohun tó burú nínú ọ̀rọ̀ náà ni pé ìrísí ohun èlò náà kì í yí padà: kò fẹ́lẹ́ sí i, kò wú, kò sì tẹ̀, àfi agbára rẹ̀ nìkan ló ti lọ. Ohun kan ṣoṣo tí ẹ lè fi ojú rí ni ìyẹ̀fun funfun bí ẹfun tó máa ń gbẹ mọ́ ibi tí wọ́n ti so ó. Onílé a fi àkísà nù ún, ó di ọ̀sẹ̀ mélòó kan kó tún yọ, kò sì ní pe ẹnikẹ́ni títí omi yóò fi tú jáde. Bí ẹ bá rí ìyẹ̀fun yẹn, ẹ fi orí ọ̀bẹ ha idẹ náà díẹ̀: bí abẹ́ rẹ̀ bá pọ́n dípò kó jẹ́ àwọ̀ ìyeyè, ẹ pààrọ̀ rẹ̀ kó tó pààrọ̀ ara rẹ̀.

Kí ló dé tó fi jẹ́ ibi tírẹ́ẹ̀dì ló ń kán? Orí ẹ̀rọ ní kúróòmù tó bò ó lóde, ìdí nìyẹn tó fi ń dán. Inú rẹ̀ kò ní, tírẹ́ẹ̀dì kì í sì í sábà ní. Yàtọ̀ sí èyí, gígé ni wọ́n gé tírẹ́ẹ̀dì wọ inú ara idẹ. Jíjìn tírẹ́ẹ̀dì tí a ń pè ní háàfù, ìyẹn ti ààbọ̀ íǹṣì, ju mìlímítà 1 lọ, nítorí náà ara tó kù láàárín ìsàlẹ̀ tírẹ́ẹ̀dì àti ihò tí omi ń gbà kọjá kò pọ̀ rárá. Omi tún máa ń há sí àlàfo àárín tírẹ́ẹ̀dì méjèèjì, kì í sì í ṣàn kúrò níbẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ìwọ̀n ló kàn báyìí, àwọn ọmọṣẹ́ gan-an sì máa ń ṣìnà níbẹ̀. Bí ẹ bá fi rúlà wọn tírẹ́ẹ̀dì háàfù íǹṣì láti òde, ẹ kò ní rí ààbọ̀ íǹṣì, èyí tí í ṣe mìlímítà 12.7. Mìlímítà 21 ni ẹ ó rí. Tíríkọ́tà, ìyẹn ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin íǹṣì, yóò wọn tó 26.4, ti íǹṣì kan yóò sì lé ní 33. Kì í ṣe pé ẹni tó tà á rẹ́ yín jẹ. Ihò inú páìpù irin ayé àtijọ́, tí ara rẹ̀ nípọn gan-an, ni wọ́n fi sọ ìwọ̀n náà lórúkọ. Ìgbà tí páìpù wá fẹ́lẹ́, wọn kò yí òde padà kí tírẹ́ẹ̀dì má baà yàtọ̀, orúkọ náà sì dúró síbẹ̀. Ti bóòtù onímìlímítà kò rí bẹ́ẹ̀: M10 jẹ́ mìlímítà 10 ní òde, orúkọ rẹ̀ kò purọ́.

Yàtọ̀ sí fífẹ̀, ẹ gbọ́dọ̀ ka iye eyín tó wà nínú íǹṣì kan. Háàfù àti tíríkọ́tà ní eyín 14, íǹṣì kan ní 11. Ọ̀dọ̀ àwọn Gẹ̀ẹ́sì la ti jogún ìwọ̀n yìí, láti inú iṣẹ́ Joseph Whitworth, ẹnjiníà Gẹ̀ẹ́sì tó dábàá ní 1841 pé kí igun eyín jẹ́ dígíríì 55. Ní 1864, William Sellers, ẹnjiníà ará Amẹ́ríkà, dábàá dígíríì 60 ní Philadelphia, ibẹ̀ sì ni ọ̀nà àwọn Gẹ̀ẹ́sì àti ti Amẹ́ríkà ti pín. Ọkùnrin kan tí àbúrò rẹ̀ fi ẹ̀rọ omi ránṣẹ́ sí láti Houston pè mí wá so wọ́n. Háàfù ti Amẹ́ríkà náà ní eyín 14, nítorí náà ó wọ inú sọ́kẹ́ẹ̀tì wa dáadáa ní yíyí bíi mẹ́ta, lẹ́yìn náà ló há, nítorí eyín wọn kò bá tiwa mu. Ọmọṣẹ́ tó ti débẹ̀ ṣáájú mi rò pé agbára ni kò tó, ó fi páìpù gígùn kún ọwọ́ sípánà, sọ́kẹ́ẹ̀tì sì là. Bí nǹkan méjì bá há lẹ́yìn yíyí mẹ́ta, ẹ dúró, ẹ tú u, kí ẹ tún un wọ̀n.

Fífún un jù ń ṣe ibi mìíràn tí kì í hàn lójú ẹsẹ̀. Tírẹ́ẹ̀dì páìpù kan wà tó ń tín-ín-rín lọ sí orí, tí fífẹ̀ rẹ̀ ń dín mìlímítà 1 nínú gbogbo mìlímítà 16. Bí ẹ bá ṣe ń yí i wọlé ló ń ti ara sọ́kẹ́ẹ̀tì onídẹ síta, bí ẹni fi èèkàn la igi. Idẹ tí a fún le bẹ́ẹ̀ lè wà fún oṣù púpọ̀ láìsí nǹkan, títí amóníà, èròjà olóòórùn líle kan, yóò fi kàn án, kó tó wá là fúnra rẹ̀. Àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì rí irú èyí ní Íńdíà, níbi tí èèpo ọta ìbọn onídẹ tí wọ́n kó sí ilé ẹṣin ti máa ń là ní àsìkò òjò. Ní 1921 ni àwọn onímọ̀ ṣàlàyé pé amóníà inú ìtọ̀ ẹṣin àti ìfúnpá tó ti wà nínú idẹ náà látìgbà tí wọ́n ti ń ṣe é ló fà á. Ilé ìtọ̀ wa náà ní amóníà, oògùn tí a fi ń nu gíláàsì sì sábà máa ń ní i. Nọ́ọ̀tì onídẹ tí ara rẹ̀ fẹ́lẹ́, bíi ti họ́ọ̀sì abẹ́ abọ́ ìfọwọ́, ló tètè máa ń là jù. Ẹ fi ọwọ́ yí i le, kí ẹ fi sípánà kún un díẹ̀, ó tó.

Ti ayédèrú idẹ kò gba àlàyé púpọ̀. Síńkì tí wọ́n pa láwọ̀ idẹ fúyẹ́ ju idẹ lọ, bí ẹ bá sì ha á, àwọ̀ eérú ni inú rẹ̀. Máginẹ́ẹ̀tì kò lè yà wọ́n sọ́tọ̀, nítorí kì í fa èyíkéyìí nínú méjèèjì.

Bí ọrùn ẹ̀rọ bá ti já sínú ògiri, ẹ ti omi pa, kí ẹ má sì fi òòlù kàn án. Abẹ ayùn irin la fi ń la àjákù náà láti inú lọ sí òde ní ojú méjì, tí a ó dúró kó tó kan tírẹ́ẹ̀dì sọ́kẹ́ẹ̀tì, lẹ́yìn náà ni a ó fi ẹnu kísẹ́ẹ̀lì tẹ̀ ẹ́ wọ inú ara rẹ̀. Ẹ má jù ú nù. Òun ni kí ẹ mú lọ sọ́jà láti fi wọn tuntun, kí ẹ sì wo ara tuntun náà bóyá wọ́n tẹ CR tàbí DZR sí i, èyí tó fi hàn pé idẹ tí omi kò lè tètè yọ síńkì rẹ̀ ni wọ́n fi ṣe é. Ó wọ́n díẹ̀ ju èkejì lọ, ṣùgbọ́n bí omi kànga ẹ̀rọ yín bá ní ásíìdì, òun ni èmi yóò so síbẹ̀.