Bí Owó Ilé Ṣe Wọ Ilé Ẹbí ní Ìkòròdú

Nígbà tí wọ́n kọ́ ilé bàbá bàbá mi ní Ìkòròdú, kò sẹ́ni tó ń san owó ilé níbẹ̀. Yàrá mẹ́jọ ni, mẹ́rin lọ́tùn-ún, mẹ́rin lósì, ọ̀dẹ̀dẹ̀ gbọọrọ láàárín. Ọmọ ẹni tó nilé ló ń gbé ibẹ̀, àti ìyàwó wọn, àti ìbátan tó bá wá kọ́ṣẹ́. Ẹni tó bá lọ wá iṣẹ́ l'Ékòó a ti ilẹ̀kùn rẹ̀, yàrá náà a sì máa dúró dè é di ìgbà Iléyá. Lónìí, ṣọ́ọ̀bù mẹ́ta ni a ti là sára iwájú ilé yẹn kan náà, àwa ọmọ-ọmọ kì í sì í péjọ mọ́ àfi tí owó ṣọ́ọ̀bù bá tó gbà. Ọ̀pọ̀ wa gbà pé ìwà ẹ̀gbọ́n kan tàbí àbúrò kan ló bí ìjà tó ń ṣẹlẹ̀ níbẹ̀. Ìjà yẹn ju gbogbo wa lọ lọ́jọ́ orí.

Kí ọmọ má bàa sùn síta ni wọ́n ṣe ń kọ́ ilé ẹbí. Òfin rẹ̀ kò pọ̀: ẹnì kan kò gbọ́dọ̀ dá a tà, ẹnì kan kò sì gbọ́dọ̀ lé ẹlòmíì jáde. Dáwódù, ìyẹn àgbà ọmọ ọkùnrin, ló ń mójú tó o, òun ló ń wá páànù nígbà tí òrùlé bá jò. Ilé kì í mówó wá, nítorí náà kò sẹ́ni tó ń bi dáwódù léèrè ìṣirò. Nígbà tí ẹjọ́ irú ilé bẹ́ẹ̀ kan l'Ékòó dé iwájú àwọn adájọ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní 1908, wọ́n fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé gbogbo ọmọ ló nilé bàbá wọn, àti pé obìnrin tó bá jẹ́ àgbà ọmọ tó kù láyé lè di olórí ilé. Àwọn kan ṣì ń sọ lónìí pé obìnrin kì í dá sí ọ̀rọ̀ ilé bàbá rẹ̀. Ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún tí ọ̀rọ̀ yẹn ti kúrò nílẹ̀.

Ohun tí wọ́n ń pín láyé ọjọ́un ni owó tí òkú fi sílẹ̀, aṣọ, àti oko. Ibẹ̀ ni ìdí igi ti wá. Ìyàwó kọ̀ọ̀kan tó bímọ ni igi, àwọn ọmọ rẹ̀ ni ẹ̀ka. Iye igi tó bá wà ni iye ọ̀nà tí wọ́n ó pín ogún sí. Opó fúnra rẹ̀ kò ní ìpín nínú àṣà yìí, inú ìpín ọmọ rẹ̀ ló ti ń jẹ, èyí sì ń dùn mí títí di òní. Orí-ò-jorí dé lẹ́yìn rẹ̀: iye ọmọ ni wọ́n ń kà, wọn kì í ka ìyá.

Ẹjọ́ tó sọ ọ̀rọ̀ méjèèjì yìí di ohun tí gbogbo lọ́yà mọ̀ ni ti àwọn ọmọ Suberu Dawodu, ará Èkó tó kú láìṣe ìwé ìhágún, tó fi ìyàwó mẹ́rin àti ọmọ mẹ́sàn-án sílẹ̀. Adájọ́ àkọ́kọ́ fara mọ́ orí-ò-jorí. Ní 1958, kọ́ọ̀tù tó ga jù ní Nàìjíríà nígbà náà dá ìdí igi padà. Wọ́n ní òun gan-an ni àṣà Yorùbá, àti pé ìgbà tí ìjà bá fẹ́ bẹ́ sílẹ̀ ni olórí ẹbí lè lo orí-ò-jorí láti fi pẹ̀tù sí i. Ẹjọ́ náà rékọjá òkun dé Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, ilé-ẹjọ́ tí ẹjọ́ Nàìjíríà ń parí sí nígbà náà, àwọn náà sì fọwọ́ sí i ní 1962.

Ká ní ṣọ́ọ̀bù ilé tó ní ìyá mẹ́rin àti ọmọ mẹ́sàn-án bí ti Dawodu mú ₦720,000 wá lọ́dún kan. Tí a bá fi ìdí igi pín in, ìyá kọ̀ọ̀kan gba ₦180,000. Ọmọ kan ṣoṣo tí ìyá rẹ̀ bí yóò dá a gbà, àwọn mẹ́rin tó jẹ́ ọmọ ìyá kan náà yóò sì gba ₦45,000 ẹnì kọ̀ọ̀kan. Tí a bá fi orí-ò-jorí pín in, gbogbo wọn gba ₦80,000. Oko tí wọ́n pín lẹ́ẹ̀kan kì í dá irú ìyàtọ̀ yìí padà síwájú ẹni lọ́dọọdún. Owó ilé ló ń ṣe é.

Owó yìí kò tètè dé Ìkòròdú bó ṣe dé Èkó. Lẹ́yìn tí wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Èkó sílẹ̀ ní 1967, tí ilé-iṣẹ́ ńláńlá wá kún Odogunyan ní Ìkòròdú, tí ilé-ẹ̀kọ́ Pólì náà wá fìdí kalẹ̀ sí ìlú wa, ni ayálégbé bẹ̀rẹ̀ sí í wá yàrá. Yàrá tó ń dúró de ọmọ tó lọ Èkó di yàrá akẹ́kọ̀ọ́. Ẹni tó wà nílé ló ń gbowó, torí òun ni ayálégbé ń rí. Ó sì ń fi tún ilé ṣe, ó ń fi jẹun, kò sì kọ ọ́ sílẹ̀, bí àwọn dáwódù tó ṣáájú rẹ̀ kò ṣe kọ nǹkan kan sílẹ̀. Ẹni tó wà lájò ní wọ́n ń jẹ òun mọ́lẹ̀. Àwọn méjèèjì ń sọ òótọ́. Kọ́ọ̀tù ti gbà báyìí pé olórí ẹbí gbọ́dọ̀ ṣe ìṣirò owó ilé fún àwọn tó nilé, ṣùgbọ́n ilé wo ni ìwé ìṣirò wà? Ní tiwa, kò sí rìsíìtì kan fún odidi ọdún mọ́kànlá.

Nígbà tí a jókòó nígbẹ̀yìn, pẹ̀lú ìwé olójú-ewé mẹ́rìnlélọ́gọ́ta tuntun lórí tábìlì, ìdí igi ni gbogbo wa ń retí. Àbúrò bàbá mi obìnrin, tó jẹ́ òun nìkan ni ìyá rẹ̀ bí, ni yóò jèrè jù nínú rẹ̀. Òun ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó ní kí wọ́n pín ti ọdún yẹn ní orí-ò-jorí. Ó gba tirẹ̀, ó kà á lẹ́ẹ̀mejì, ó sì ní kí ẹnikẹ́ni má dìde títí a ó fi yọ owó páànù.