Bébà Ló Kó Fíìmù Ìdíje Ọkọ̀ Yọ

Láti ọdún 1895 títí di 1949 ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì Amẹ́ríkà fi ń fi ọkọ̀ wíwà díje lórí odò Hudson, ní Poughkeepsie, ìlú kan ní ìpínlẹ̀ New York. Èèyàn 8 ló ń fi àjẹ̀ wa ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan, ẹni kẹsàn-án á jókòó sí ìdí ọkọ̀, á máa tọ́ ọ. Máìlì 4 ni ọ̀nà wọn lọ́pọ̀ ọdún. Rélùwéè tí wọ́n to ìjókòó sí á máa bá wọn rìn létí odò, kí ojú òǹwòran má bàa kúrò lára wọn. Lọ́dún 1904, nígbà tí yunifásítì Syracuse gbégbá orókè, ilé iṣẹ́ Biograph ya ìdíje náà. Fíìmù ọ̀hún kò ní ohùn, ṣùgbọ́n ó ṣì wà títí dòní.

Kì í ṣe ohun kékeré. Nitrate, irú ike kan tó máa ń tètè gbiná, ni wọ́n fi ń ṣe fíìmù nígbà yẹn. Tó bá gbiná, omi kì í pa á, nítorí òun fúnra rẹ̀ ló ń pèsè ọ́síjìn tí iná ń jẹ. Tí iná ò bá sì jó o, yóò máa rà díẹ̀díẹ̀, á lẹ̀ mọ́ra, títí yóò fi di lẹ́búlẹ́bú.

Òfin ló kó fíìmù náà yọ. Títí di 1912, òfin Amẹ́ríkà tó ń dáàbò bo iṣẹ́ ọwọ́ ẹni kò dárúkọ fíìmù. Fọ́tò ló mọ̀. Àwọn ilé iṣẹ́ bá ń tẹ gbogbo àwòrán inú fíìmù wọn sórí bébà fọ́tò gbọọrọ, wọ́n á ká a bí ẹní, wọ́n á fi ránṣẹ́ sí Library of Congress, ilé ìkàwé ìjọba Amẹ́ríkà, ní Washington. Àwọn tó ń jí iṣẹ́ oníṣẹ́ tà ni wọ́n ń dènà. Kò sẹ́ni tó ń ro ti àwa tí a ó wò ó lẹ́yìn ọgọ́rùn-ún ọdún.

Ṣùgbọ́n a kò lè fi bébà wo sinimá, nítorí ìmọ́lẹ̀ kì í gba inú rẹ̀ kọjá dé ara ògiri. Ní àwọn ọdún 1950, Kemp Niver, ọmọ Amẹ́ríkà kan tó ń tún fíìmù àtijọ́ ṣe, ń tan iná sójú bébà, ó ń ya àwòrán kọ̀ọ̀kan padà sórí fíìmù tuntun, lọ́kọ̀ọ̀kan. Bébà mìíràn ti sún kì, òmíràn ti ká kò. Wọ́n fún un ní Oscar fún iṣẹ́ yìí lọ́dún 1955, ó sì tọ́ sí i.

Ó ku bí fíìmù náà ṣe ń yára tó. Nǹkan bí àwòrán 16 ni ọ̀pọ̀ kámẹ́rà ayé ìgbà náà ń yà ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ẹ̀rọ òde òní ń fi 24 hàn. Àjẹ̀ tó wọ omi lẹ́ẹ̀mejìlélọ́gbọ̀n ní ìṣẹ́jú kan á wá dà bíi pé ó wọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀méjìdínláàádọ́ta, àwọn ọmọ náà á sì máa já pàtìpàtì bí ẹni tí èèrà ń jẹ. Ká dẹ ẹ̀rọ náà lọ́wọ́, a ó rí i bí ẹ̀yìn mẹ́jọ ṣe ń tẹ̀ pọ̀, tí omi ń kán lẹ́nu àjẹ̀ kó tó tún wọlé.