Owó iṣẹ́ pẹ́ kó tó dé: èlé orí rẹ̀ ńkọ́?

Bí agbaṣẹ́ṣe bá gbé ẹjọ́ owó iṣẹ́ wá síwájú àbítírétọ̀, ìyẹn ẹni tí òun àti ẹni tó gbéṣẹ́ fún un jọ fọwọ́ sí pé kó parí ìjà wọn, ibi tí ìwé àdéhùn ti sọ̀rọ̀ èlé ni mo kọ́kọ́ máa ń ṣí. Lọ́pọ̀ ìgbà, àlàfo ni mo ń bá níbẹ̀. Wọ́n tẹ gbólóhùn náà, wọ́n fi àyè sílẹ̀ fún iye èlé, kò sẹ́ni tó kọ nǹkan kan sí i. Agbaṣẹ́ṣe ń bẹ̀rù kí iṣẹ́ má bọ́ lọ́wọ́ òun, ó sì fọwọ́ sí i bẹ́ẹ̀.

Àlàfo yẹn ló ń jẹ owó. Nínú ẹjọ́ Ekwunife àti ilé-iṣẹ́ Wayne lọ́dún 1989, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ní Nàìjíríà là á kalẹ̀ pé kí èèyàn tó gba èlé lórí owó tó ti wà nílẹ̀ kí ìdájọ́ tó dé, ó gbọ́dọ̀ wà nínú àdéhùn, tàbí kó jẹ́ àṣà òwò náà, tàbí kó jẹ́ pé ẹni tí a fọkàn tán, tí a fowó pamọ́ sí lọ́wọ́, ló dalẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ ẹ gbọ́dọ̀ béèrè, kó sì mú ẹ̀rí wá.

Iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ní ààbò tirẹ̀. Abala 37 òfin Public Procurement Act ti 2007 sọ pé bí owó bá ti lé ní 60 ọjọ́ lẹ́yìn tí ẹ fi ínfọ́ìsì tàbí sàtífíkéètì iṣẹ́ sílẹ̀, ó ti pẹ́, ó sì gbọ́dọ̀ ní èlé lórí. Iye wo? Iye tó wà nínú àdéhùn. Òfin kan náà pàṣẹ pé gbogbo àdéhùn gbọ́dọ̀ sọ iye yìí, nítorí náà ẹ̀tọ́ yín ni láti ní kí wọ́n kọ ọ́ kẹ́ ẹ tó fọwọ́ sí i. Ẹ má sì fi ìwé kankan sílẹ̀ láìgba ẹ̀dà tí wọ́n lu òǹtẹ̀ ọjọ́ sí. Òǹtẹ̀ yẹn ni 60 ọjọ́ náà ti ń bẹ̀rẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò. Wọ́n jẹ yín ní ₦40 mílíọ̀nù fún ọdún 3, èlé jẹ́ ìdá 15 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún. Bí èlé kò bá gorí èlé, ₦18 mílíọ̀nù ni. Bó bá ń gorí ara wọn lóṣooṣù, ó lé díẹ̀ ní ₦22.5 mílíọ̀nù. Ìwé àdéhùn aláwọ̀ pupa ti 1999, tí FIDIC, ẹgbẹ́ àwọn onímọ̀-ẹ̀rọ lágbàáyé, ṣe fún iṣẹ́ ìkọ́lé, fàyè gba gígorí ara wọn lóṣooṣù, kò sì dìgbà tí agbaṣẹ́ṣe bá kọ̀wé ìkìlọ̀ kó tó lẹ́tọ̀ọ́ sí i. Ọ̀pọ̀ ló fọwọ́ sí i láìka ibẹ̀ rí.

Ọjọ́ tí èlé ti bẹ̀rẹ̀ tún lágbára. Ẹ rántí ẹjọ́ P&ID (ilé-iṣẹ́ kan láti òkèèrè) àti ìjọba Nàìjíríà lórí ilé-iṣẹ́ gáàsì tí wọn ò kọ́ ní Calabar. Bílíọ̀nù 6.6 dọ́là ni àwọn àbítírétọ̀ dá ní 2017, pẹ̀lú èlé ìdá 7 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún láti oṣù Kẹta 2013. Ó ti di nǹkan bíi bílíọ̀nù 11 kí ilé-ẹjọ́ ní London tó fagi lé e ní 2023 nítorí jìbìtì.

Bẹ́ ẹ bá ń kọ ẹ̀sùn yín, ẹ dárúkọ iye èlé, ọjọ́ tó bẹ̀rẹ̀, kẹ́ ẹ sì béèrè fún ti lẹ́yìn ìdájọ́ títí wọn ó fi san án tán. Bí ẹni tó jẹ yín bá sì wá fẹ́ san ojú owó nìkan láàárín ẹjọ́, ẹ gbà á, ṣùgbọ́n ẹ má fọwọ́ sí ìwé tó ní kò ku kọ́bọ̀ mọ́. Ẹ kọ ọ́ sára rísíìtì pé èlé ṣì wà nílẹ̀.