Ibi tí àyájọ́ ti wá

Ọmọ ọdún mẹ́jọ ni mí nígbà tí àkeekèé ta mí ní gìgísẹ̀ lẹ́yìn àká àgbàdo. Bàbá àgbà kò sáré. Wọ́n ka ataare mẹ́sàn-án sẹ́nu, nítorí ọkùnrin ni mí. Obìnrin ni ì bá jẹ́ méje. Wọ́n rún un kúnná, wọ́n di ẹsẹ̀ mi mú, wọ́n wá bẹ̀rẹ̀ sí í bá àkeekèé sọ̀rọ̀. Wọn ò bú u, wọn ò sì bẹ̀ ẹ́. Ìtàn ni wọ́n ń pa fún un: ọjọ́ tó kọ́kọ́ gba oró, ẹni tó kọ́kọ́ ta, ohun tí wọ́n ṣe lọ́jọ́ náà tí oró fi padà sẹ́yìn. Lẹ́yìn náà ni wọ́n fẹ́ ataare sójú ibi tó ta mí: bó ṣe rí lọ́jọ́ náà, kó rí bẹ́ẹ̀ lónìí. Òórùn ataare yẹn ni mo rántí ju ìrora lọ.

Àyájọ́ ni wọ́n pè. Lóde òní, bí a bá gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí lórí rédíò, àyájọ́ ọjọ́ ìbí ẹnìkan ni, tàbí àyájọ́ ọjọ́ òmìnira tí a gbà ní 1 Oṣù Kẹwàá, 1960. Ọ̀pọ̀ ọmọ ìsinsìnyí ò mọ̀ pé ohùn awo ni. Ọjọ́ hàn gbangba nínú ọ̀rọ̀ náà. Èmi a tún máa gbọ́ "yá" níbẹ̀, bí ìgbà tí èèyàn lọ yá ọjọ́ kan lọ́wọ́ àwọn ará ìwáṣẹ̀ kó fi tán wàhálà òní. Onímọ̀ èdè lè tú u lọ́nà mìíràn. Bó ṣe ń dún létí mi nìyẹn.

Inú Ifá ni wọ́n ti fà á yọ. Odù jẹ́ 256, ẹsẹ inú wọn kò sì lóǹkà. Bí awo bá ń kì í, orúkọ àwọn awo àtijọ́ ló ń ṣíwájú, lẹ́yìn náà "a díá fún" ẹnìkan, "ní ọjọ́ tí" ó ń sunkún ọmọ, tàbí tí ó ń bọ̀ láti ọ̀run wá sáyé. Wọ́n ní kó rúbọ. Ó rú u tàbí ó kọ̀, a sì gbọ́ ibi tó já sí. Ọ̀jọ̀gbọ́n Wándé Abímbọ́lá pín ẹsẹ Ifá sí ọ̀nà mẹ́jọ nínú iṣẹ́ wọn, ṣùgbọ́n "ní ọjọ́ tí" yẹn ni mo fẹ́ ká tẹjú mọ́. Ohun tó gbé ẹni tó wá dáfá láàárọ̀ yìí dìde kì í ṣe tuntun. Ẹnìkan ti gbé irú rẹ̀ wá síwájú awo rí. Ọjọ́ ẹni náà ni babaláwo ń wá lójú ọpọ́n. Bí awo bá wá yọ irú ìtàn bẹ́ẹ̀ nínú ẹsẹ, tó fi àṣẹ sí i, tó fi í kojú oró, ikú, tàbí ìrọbí tó le, ó ti di àyájọ́.

Àwọn kan máa ń pè é ní ọfọ̀ lásán, èyí a sì máa dùn mí. Ìwà nǹkan ni ọfọ̀ ń dì mú, ohun tí ewé kan í ṣe nígbà gbogbo, tàbí iṣẹ́ tí orúkọ rẹ̀ fi rán an. Ewé àlùpàyídà gbọ́dọ̀ pa nǹkan dà, orúkọ rẹ̀ ti sọ ọ́. Àyájọ́ ò wá "nígbà gbogbo". Ẹ̀ẹ̀kan péré ni ohun tó ń sọ ṣẹlẹ̀, ẹ̀ẹ̀kan náà sì tó. Ọjọ́ ìwáṣẹ̀ ò kọjá lọ. Ó ṣì wà ní Ifẹ̀ Oòdáyé, níbi ojúmọ́ ti í mọ́ wá, yóò sì dáhùn bí a bá pè é bó ṣe yẹ. Bàbá àgbà ò jẹ́ kí n tún un sọ tẹ̀lé wọn. Wọ́n ní ẹni tó bá ṣi ọjọ́ pè, ọjọ́ mìíràn ni yóò jẹ́ ẹ.

Àwọn èèyàn wa tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Kúbà gbé èrò yìí dání. Àwọn babaláwo ibẹ̀ ń kọ odù sínú ìwé tí wọ́n ń pè ní tratado. Lábẹ́ odù kọ̀ọ̀kan, wọ́n á kọ "nace", ìyẹn "a bí i", wọ́n á wá to ohun tí a bí nínú odù náà sábẹ́ rẹ̀: àìsàn, ìwà, ètùtù. Èdè Sípéènì ni, ṣùgbọ́n ìbéèrè Bàbá àgbà ló ń béèrè: ọjọ́ wo ni nǹkan yìí kọ́kọ́ wáyé?

Nílé níbí, ó wọ ṣọ́ọ̀ṣì. Nígbà tí Moses Orímọládé àti Abíọ́dún Akínṣọ̀wọ́n dá Ẹgbẹ́ Kérúbù àti Séráfù sílẹ̀ l'Ékòó ní 1925, àti nígbà tí ìsọjí Joseph Babalọlá bẹ́ sílẹ̀ ní Iléṣà ní 1930, àwọn tó rọ́ wá síbẹ̀ ti mọ bí a ṣe ń pe ọjọ́. Ìwọ tó dá Hánà lóhùn ní Ṣílò, dá mi lóhùn lónìí. Ìwọ tó pa kìnnìún lẹ́nu mọ́ fún Dáníẹ́lì. Ẹni tí wọ́n ń ké pè yàtọ̀, mi ò sì pa méjèèjì pọ̀. Àmọ́ bí mo bá gbọ́ ìyá àgbà kan tó ń gbàdúrà báyìí lóru, gìgísẹ̀ mi a máa rántí.

Bàbá àgbà kú kí n tó tó ẹni tí wọ́n lè kọ́. Ohun tí mo mú nínú àyájọ́ àkeekèé kò ju ìlà kan àbọ̀ lọ, mi ò sì lè kọ ọ́ síbí, nítorí mi ò mọ̀ bóyá mo ṣì í. Ọdọọdún, ní 20 Oṣù Kẹjọ, Ọjọ́ Ìṣẹ̀ṣe, mo máa ń lọ bẹ àwọn awo ìlú wa. Lọ́dún tó kọjá, ọ̀kan nínú wọn gbà láti kọ́ mi. Wọ́n ní kí n kọ́kọ́ lọ ra ataare.