SYRIZA: bí ẹgbẹ́ kékeré apá òsì kan ṣe gorí àlééfà ní Gíríìsì

Ní ọjọ́ Àìkú, 25 oṣù Kìíní 2015, ẹgbẹ́ òṣèlú kan tí kò rí ju ìdá 4.6 nínú 100 ìbò lọ ní 2009 wọlé ìbò gbogboogbò ní orílẹ̀-èdè Gíríìsì. SYRIZA ni wọ́n ń pè é. Ẹni 40 ọdún ni Alexis Tsipras, olórí rẹ̀, nígbà náà. Lọ́jọ́ kejì ó búra olórí ìjọba láìsí bíṣọ́ọ̀bù, láìsí Bíbélì, ohun tí olórí ìjọba kankan kò ṣe rí níbẹ̀. Kò so táì pàápàá. Ibi tó kọ́kọ́ gbà lọ lẹ́yìn ìbúra ni Kaisariani ní ìlú Áténì, níbi tí àwọn ọmọ ogun Hitler ti yìnbọn pa 200 ènìyàn, kọ́múníìsì ni ọ̀pọ̀ wọn, ní ọjọ́ kìíní oṣù Karùn-ún 1944. Ó gbé òdòdó sílẹ̀ fún wọn. Nínú gbogbo orílẹ̀-èdè tó yá Gíríìsì lówó, ti Jámánì ló pọ̀ jù. Òdòdó yẹn ní ẹni tó ń bá sọ̀rọ̀.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ tú orúkọ náà. Ìkékúrú ọ̀rọ̀ Gíríìkì mẹ́ta ni: Synaspismos Rizospastikis Aristeras. Synaspismos wá láti ara asà ogun: àwọn jagunjagun tó fi asà kan asà kí ọfà má baà rí àyè wọlé. Òun ni wọ́n ń lò fún ẹgbẹ́ tó kó ara wọn jọ. Ọ̀rọ̀ kejì ní gbòǹgbò nínú. Ó ń sọ nípa ẹni tó fẹ́ hú nǹkan tigbòǹgbò-tigbòǹgbò, tí kò fẹ́ gé ẹ̀ka lásán. Ẹ̀kẹta ni apá òsì.

Òsì yìí, ọwọ́ òsì ni o, kì í ṣe òṣì tó jẹ́ àìní. Àwa tí a mọ̀ pé a kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba ẹni lè máa rò ó pé kí ló dé tí ẹnikẹ́ni yóò fi orúkọ bẹ́ẹ̀ pe ara rẹ̀. Àwọn Gíríìkì àtijọ́ náà kò fẹ́ràn apá òsì, ni wọ́n bá fi orúkọ dáadáa pè é, “èyí tó sàn jù”, bí àwa náà ṣe ń pe ejò ní okùn ilẹ̀ lóru. Ìtumọ̀ tó ní nínú òṣèlú dé láti ilẹ̀ Faransé ní 1789. Nínú ìgbìmọ̀ wọn, àwọn tó ń gbè lẹ́yìn ọba jókòó sí apá ọ̀tún, àwọn tó fẹ́ dín agbára ọba kù jókòó sí apá òsì. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pe ẹni tó bá ń jà pé kí ọrọ̀ ìlú kárí, kí òṣìṣẹ́ ní ààbò, kí ìjọba má fi ilé ìwòsàn àti iná mànàmáná lé oníṣòwò lọ́wọ́, ní ará apá òsì.

SYRIZA bẹ̀rẹ̀ ní 2004. Àwọn ẹgbẹ́ kéékèèké ló para pọ̀ dá a sílẹ̀: àwọn tó ti kúrò nínú ẹgbẹ́ kọ́múníìsì àtijọ́, àwọn ọmọlẹ́yìn Trotsky ará Rọ́ṣíà, ti Mao ará Ṣáínà, àwọn tó ń jà fún àyíká. Ìdá 3.3 nínú 100 ni wọ́n rí lọ́dún náà, aṣòfin mẹ́fà péré nínú 300. Ní 2008, ẹgbẹ́ tó tóbi jù nínú wọn fi Tsipras, ọmọ ọdún 33, ṣe olórí. Kò sẹ́ni tó kà wọ́n kún ohun bàbàrà.

Ìdí ni pé ilé méjì ló ń jọba ní Gíríìsì láti ìgbà tí ìjọba ológun ti ṣubú ní 1974. Ọ̀kan ni New Democracy ní apá ọ̀tún, èkejì ni PASOK tí Andreas Papandreou dá sílẹ̀. Baba Andreas ti jẹ́ olórí ìjọba ṣáájú rẹ̀, ọmọ rẹ̀ náà sì jẹ lẹ́yìn rẹ̀. Karamanlis tó dá New Democracy sílẹ̀ jẹ, ọmọ àbúrò rẹ̀ jẹ. Nígbà tí SYRIZA bá ń sọ pé òun ń tako àwọn aláṣẹ, kì í ṣe ìjọba tó wà lórí oyè nìkan ló ń bá wí. Ó ń bá àwọn ìdílé yìí wí, pẹ̀lú àwọn olówó tó ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n, àti báńkì tó ń yá àwọn ẹgbẹ́ méjèèjì lówó. Ní 2009, ilé méjèèjì ṣì pín ìdá 77 nínú 100 ìbò láàárín ara wọn.

PASOK ló wọlé lọ́dún náà. Kò pẹ́ tó fi kéde pé ìwé ìṣirò tí ìjọba àná fi sílẹ̀ kì í ṣe òótọ́. Wọ́n ti sọ tẹ́lẹ̀ pé owó tí ìjọba fi ń ná ju èyí tó ń wọlé lọ kò tó ìdá 4 nínú 100 ọrọ̀ ajé orílẹ̀-èdè. Nígbà tí wọ́n ṣírò rẹ̀ délẹ̀, ó lé ní 15. Àwọn olówó ayé bá tìlẹ̀kùn. Ní 23 oṣù Kẹrin 2010, George Papandreou, ọmọ Andreas, tó jẹ́ olórí ìjọba nígbà náà, dúró ní erékùṣù Kastellorizo, òkun mọ́ lẹ́yìn rẹ̀, ó sọ fún àwọn ará ìlú pé òun ti bẹ̀rẹ̀ sí í tọrọ ìrànwọ́. Bílíọ̀nù 110 Yúrò ni wọ́n kọ́kọ́ fọwọ́ sí.

Mẹ́ta ni àwọn tó mú owó yìí wá: ìgbìmọ̀ aláṣẹ Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù, báńkì àpapọ̀ Yúróòpù, àti IMF, àjọ tó ń yá àwọn orílẹ̀-èdè lówó. Troika ni àwọn ará Gíríìsì ń pè wọ́n. Ẹni tó bá mọ òṣómàáló, àwọn aláṣọ Ìjẹ̀ṣà tí yóò lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà onígbèsè títí yóò fi sanwó, á ti rí díẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ náà. Àmọ́ òṣómàáló kì í yá ẹ lówó mìíràn kó o lè fi san ti àná. Troika ṣe bẹ́ẹ̀. Èyí tó pọ̀ jù nínú owó náà kò dúró ní Gíríìsì. Ó padà sọ́wọ́ àwọn tí Gíríìsì jẹ ní gbèsè, títí kan àwọn báńkì ńlá Faransé àti Jámánì. Òṣómàáló kò sì wọ inú ilé rí kó máa sọ iye tí ìyàwó ilé yóò fi se ọbẹ̀. Troika ń rán àwọn olùyẹ̀wò wá sí Áténì, wọ́n ń wo owó oṣù, owó ìfẹ̀yìntì, iye òṣìṣẹ́ tí ìjọba gbọ́dọ̀ dá dúró. IMF yìí náà ni àwọn ará Nàìjíríà kọ owó rẹ̀ ní 1985, tí SAP, ètò àtúntò ọrọ̀ ajé, sì tún dé lọ́dún kejì. Àwọn òbí wa kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé rẹ̀ fún wọn.

Ohun tó tẹ̀ lé e kò ṣeé fẹnu fẹ́ẹ́rẹ́ sọ. Ọrọ̀ ajé orílẹ̀-èdè náà fi bí ìdá kan nínú mẹ́rin sún kì. Nígbà tó fi di 2013, ẹni tí kò níṣẹ́ ju 27 lọ nínú 100, ti àwọn ọ̀dọ́ sì sún mọ́ 60. Ẹni tí iṣẹ́ bá ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ fún ìgbà pípẹ́ ń pàdánù ìwé ìtọ́jú ilé ìwòsàn pẹ̀lú. Ní oṣù Kẹrin 2012, bàbá àgbàlagbà kan tó ti fìgbà kan rí jẹ́ apòògùn yìnbọn pa ara rẹ̀ ní gbàgede Syntagma, níwájú ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin. Nínú ìwé tó fi sílẹ̀, ó ní òun kò fẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í wá oúnjẹ nínú ààtàn.

Ibí ni mo rò pé ìdáhùn wà fún ẹni tó bá béèrè pé báwo ni SYRIZA ṣe ṣe é. Àwọn kan ń sọ pé ẹnu Tsipras ló dùn. Ẹnu rẹ̀ dùn lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹnu rẹ̀ dùn ní 2009 náà. Ohun tó yí padà ni pé PASOK, ẹgbẹ́ tí òṣìṣẹ́ àti mẹ̀kúnnù kà sí tiwọn fún 35 ọdún, ni ọwọ́ rẹ̀ fọwọ́ sí ìwé tó gé owó ìfẹ̀yìntì wọn. Àwọn ènìyàn jáde kúrò nínú ilé yẹn pẹ̀lú ìbínú, SYRIZA sì wà lójúde. Ó ti wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀: nígbà tí ogunlọ́gọ̀ jókòó sí Syntagma ní 2011, nínú ilé ìwòsàn ọ̀fẹ́ tí àwọn dókítà dá sílẹ̀ fún ẹni tí kò ní ìwé ìtọ́jú, nídìí ìkòkò oúnjẹ àdúgbò. Nígbà tí ìjọba lé àwọn obìnrin 595 tó ń gbálẹ̀ ní ilé iṣẹ́ ìṣúná ní 2013, tí wọ́n fi ìbọ̀wọ́ pupa wọn ṣe àmì ìjà, SYRIZA ṣèlérí pé òun á dá wọn padà sẹ́nu iṣẹ́. Ó sì dá wọn padà ní 2015.

Ìdìbò oṣù Karùn-ún 2012 fi ohun tó ti ṣẹlẹ̀ hàn. PASOK já láti ìdá 43.9 sí 13.2. SYRIZA gòkè sí 16.8. Kò sẹ́ni tó lè dá ìjọba sílẹ̀, wọ́n tún dìbò lóṣù Kẹfà, SYRIZA di 26.9. Lẹ́yìn ìdìbò náà, PASOK àti New Democracy, ọ̀tá ọjọ́ pípẹ́, jọ wọnú ìjọba kan náà. Lójú tèmi, ọjọ́ yẹn gan-an ni wọ́n gbé ìjọba lé SYRIZA lọ́wọ́, torí òun ló wá di olórí alátakò. Ní 2014 ó gba ipò kìíní nínú ìbò ilé aṣòfin Yúróòpù. Lára àwọn tó wọlé lábẹ́ rẹ̀ ni Manolis Glezos, tó já àsíá Hitler lulẹ̀ lórí òkè Acropolis ní 1941. Ní oṣù Kẹsàn-án, Tsipras dúró ní Tẹsalóníkà, ìlú tí Pọ́ọ̀lù kọ ìwé sí, ó kéde ohun tí òun yóò ṣe: iná ọ̀fẹ́ fún àwọn tó tálákà jù, owó oṣù tó kéré jù padà sí 751 Yúrò, kí wọ́n dín gbèsè kù.

Ìdá 36.3 ló rí ní oṣù Kìíní 2015. Òfin wọn nígbà náà ń fún ẹgbẹ́ tó bá ṣáájú ní àga 50 lọ́fẹ̀ẹ́, ìyẹn ló jẹ́ kó ní 149 nínú 300. Àga méjì péré ló kù kó dá jọba. Ó lọ bá ẹgbẹ́ apá ọ̀tún kan, Independent Greeks, ohun kan ṣoṣo tó pa wọ́n pọ̀ sì ni pé àwọn méjèèjì kórìíra ìwé Troika.

Ìlérí rẹ̀ ní ìṣòro nínú. Ó ní òun yóò fòpin sí gígé owó, ó sì ní Gíríìsì kò ní kúrò nínú Yúrò. Àwọn tó ń fún àwọn báńkì rẹ̀ ní Yúrò sì ni àwọn tó fẹ́ kó gé owó. Ní ìparí oṣù Kẹfà, báńkì tì, 60 Yúrò péré lèèyàn lè gbà lójúmọ́ lẹ́nu ẹ̀rọ ATM. Ní 5 oṣù Keje, ìdá 61.3 nínú 100 dìbò pé àwọn kò fara mọ́ ohun tí àwọn olówó ń béèrè. Ní 13 oṣù náà, lẹ́yìn wákàtí 17 tí wọ́n fi jíròrò ní Brussels, Tsipras gbà fún wọn. Ó dùn mí títí dòní fún àwọn tó tò sẹ́nu ATM tí wọ́n ṣì dìbò pé rárá.

Oṣù Keje kan náà ni ìjọba rẹ̀ sọ ọ́ di òfin pé ọmọ àjèjì tí wọ́n bí sí Gíríìsì, tó sì ń lọ síléèwé níbẹ̀, lè di ọmọ onílùú. Ọmọ Yorùbá ló yẹ kó mọ èyí: Giannis Antetokounmpo, agbábọ́ọ̀lù alájùsáwọ̀n, Adétòkunbọ̀ wa, Áténì ni wọ́n bí i sí, ó sì di ẹni 18 ọdún kó tó ní ìwé orílẹ̀-èdè kankan lọ́wọ́.

SYRIZA tún wọlé ní oṣù Kẹsàn-án 2015, ó sì ṣèjọba títí di 2019, tí New Democracy gbà á padà. Ní oṣù Kẹfà 2023, ìdá 17.8 ló kù fún un, Tsipras sì fi ipò olórí sílẹ̀. Ìjà inú ilé tẹ̀ lé e, àwọn aṣòfin rẹ̀ ń jáde kúrò nínú rẹ̀. Ní oṣù Kọkànlá 2024, wọ́n kéré débi tí ipò olórí alátakò fi bọ́ lọ́wọ́ wọn. Ọwọ́ PASOK ló bọ́ sí.