Kim Hak-seong

Kim Hak-seong (1913–1982) jẹ́ ayàwòrán sinimá ọmọ ilẹ̀ Kòríà. Ìgbà tí àwọn ará Japan ń ṣàkóso ilẹ̀ náà ló bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ó ya fíìmù lójú ogun, lẹ́yìn náà ló sì ya Obaltan (1961), èyí tí orúkọ rẹ̀ so mọ́ jù lọ. Ní Seoul ayé ìgbà náà, chwaryeong gisa, ìyẹn ẹlẹ́rọ ìyàwòrán, ni wọ́n ń pe irú òṣìṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Nígbà tó yá ni chwaryeong gamdok, olùdarí ìyàwòrán, wá gbilẹ̀. Orúkọ ti àkọ́kọ́ ló bá iṣẹ́ náà mu jù, nítorí pé bí fíìmù bá ti yàrá ìfọ̀ jáde ní dúdú kirimú, ọrùn ẹlẹ́rọ ni ẹ̀bi ń wà.

Òṣèré sinimá ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, Kim Yeon-sil. Kim Hak-seong lọ kọ́ṣẹ́ ní Japan, ní ilé-iṣẹ́ Shinko Kinema, ó sì padà wálé láti ya Seonghwangdang (1939), tí Bang Han-jun darí. Ọdún méjì lẹ́yìn náà ló ya Jip-eomneun Cheonsa fún Choi In-gyu, ìtàn àwọn ọmọ aláìlóbìí tó ń sùn sí ìgboro Seoul. Kanai Seiichi ni orúkọ tí wọ́n kọ fún un sára fíìmù yẹn, nítorí pé láti 1940 ni ìjọba amúnisìn ti ń mú àwọn ará Kòríà jẹ́ orúkọ Japan. Ẹni tó bá ń tọpa iṣẹ́ rẹ̀ nínú àkọsílẹ̀ àtijọ́ gbọ́dọ̀ wá orúkọ méjèèjì. Ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n fi rò pé fíìmù náà ti sọnù, kí wọ́n tó rí ẹ̀dà rẹ̀ kan ní ilé ìpamọ́ fíìmù ilẹ̀ China.

Nígbà Ogun Kòríà (1950–1953), ó wà lára àwọn tó ya Jeong-ui-ui Jingyeok, fíìmù ìròyìn ogun tí Han Hyeong-mo darí. Ayàwòrán ni Han fúnra rẹ̀ kó tó di olùdarí. Kim fara gbọgbẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ yìí. Eyemo, kámẹ́rà kékeré tí wọ́n ń fi ọwọ́ wá bí aago, ni ọ̀pọ̀ ayàwòrán ogun ń gbé káàkiri láyé ìgbà náà. Ọgọ́rùn-ún ẹsẹ̀ bàtà fíìmù ló ń gbà, èyí kò sì ju ìṣẹ́jú kan àti ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ lọ. Bó bá tán, ayàwòrán ní láti dúró pààrọ̀ rẹ̀ níbi tí ọta ti ń fò.

Kim fẹ́ òṣèré Choi Eun-hee rí. Wọ́n pínyà, obìnrin náà sì fẹ́ olùdarí Shin Sang-ok lẹ́yìn náà.

Yu Hyun-mok ló darí Obaltan, "ọta tí kò mọ ibi tó ń lọ". Cheol-ho, akọ̀wé tí eyín ń dùn, ń gbé pẹ̀lú ẹbí rẹ̀ ní Haebangchon, àdúgbò orí òkè ní Seoul tí àwọn tó sá láti Àríwá Kòríà tẹ̀dó sí. Ahéré tóóró ni ilé wọn. Nínú irú yàrá bẹ́ẹ̀ iná kò níbi sá sí: bí ènìyàn bá ti mítà méjì sí fìtílà kúrò lọ sí mítà mẹ́rin, ìmọ́lẹ̀ tó kàn án yóò dín kù sí ìdámẹ́rin. Ẹni tó bá sún mọ́ fìtílà yóò funfun bí ẹfun, ẹni ẹ̀yìn yóò sì rì sínú òkùnkùn. Fíìmù dúdú-àti-funfun kò ní àwọ̀ tí yóò ya aṣọ sọ́tọ̀ kúrò lára ògiri, ìdí nìyí tí wọ́n fi ń gbé iná kékeré sẹ́yìn òṣèré kó lè tàn sí èjìká àti irun rẹ̀. Oníná sinimá, Kim Seong-chun, ló tún ṣe agbátẹrù fíìmù yìí, èyí tí kì í sábà ṣẹlẹ̀.

Ibi tó le jù lọ ni ìgbà tí àbúrò Cheol-ho ja báńkì lólè tó sì ń sá gba abẹ́ ilẹ̀ kọjá, níbi tí obìnrin kan ti pokùn so pẹ̀lú ọmọ tó ń ké lẹ́yìn rẹ̀. Ní irú ibi bẹ́ẹ̀ ayàwòrán ní láti ṣí ihò lẹ́ńsì sílẹ̀ gbàgà. Bó bá ti ṣí i tán, ibi tí àwòrán ti mọ́ kedere yóò tẹ́ẹ́rẹ́, tó fi jẹ́ pé bí òṣèré tó ń sáré bá kọjá àmì díẹ̀, ojú rẹ̀ kò ní hàn kedere mọ́. Àtúnyà sì ná owó: fíìmù 35mm ń jẹ 90 ẹsẹ̀ bàtà ní ìṣẹ́jú kan, agolo 1,000 ẹsẹ̀ bàtà kò sì tó ìṣẹ́jú méjìlá. Ohun kan dẹ iṣẹ́ náà lọ́rùn. Ẹ̀yìn ìyàwòrán ni wọ́n ń fi ohùn sí fíìmù Kòríà ìgbà náà, nítorí náà ariwo kámẹ́rà kò dí ẹnikẹ́ni lọ́wọ́ lójú pópó.

Lẹ́yìn tí ológun gba ìjọba ní May 1961, wọ́n fòfin de fíìmù náà. Igbe "Gaja!", "ẹ jẹ́ ká lọ!", tí ìyá Cheol-ho ń ké lórí ibùsùn wà lára ohun tí wọ́n kà sí ẹ̀sùn, nítorí wọ́n ní Àríwá Kòríà ni ìyá náà ń pe àwọn ènìyàn lọ. Ẹ̀dà tó ṣẹ́kù ni èyí tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí àjọ̀dún sinimá San Francisco ní 1963, tí wọ́n ti tẹ ìtumọ̀ èdè Gẹ̀ẹ́sì mọ́ ìsàlẹ̀ rẹ̀. Ilé Ìpamọ́ Fíìmù Kòríà ti fi kọ̀ǹpútà yọ àwọn lẹ́tà náà lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n sì fi ohun tó yí wọn ká dí ojú ihò. Nítorí náà, bí a bá ń wo òjìji ìsàlẹ̀ àwòrán láti mọ ọwọ́ Kim, kì í ṣe gbogbo rẹ̀ ló ti inú lẹ́ńsì rẹ̀ wá.